Bí Ikán Ṣe Di Ẹsẹ̀ Olú Mú

Nígbà láéláé, nígbà tí Ẹfọ̀n jẹ́ ọba igbó tí ìgbín sì ń sáré, aṣọ kan náà ni gbogbo olú ń wọ̀. Fìlà funfun, ẹsẹ̀ funfun, ó parí. Bí o bá ti rí ọ̀kan, o ti rí gbogbo wọn.

Òjò ni ìyá wọn. Ó bí Arẹwà, ó bí Pẹ̀lẹ́ tẹ̀ lé e. Bí Pẹ̀lẹ́ bá wọ inú ọbẹ̀, ẹran á máa jowú. Arẹwà ní tirẹ̀, òun ló fún ara rẹ̀ lórúkọ yẹn. Ojú rẹ̀ ò yàtọ̀ sí ti àbúrò rẹ̀, ṣùgbọ́n inú rẹ̀ burú ju májèlé eku lọ.

Ní ọjọ́ kan, ìyá ìyàwó Ẹfọ̀n wá kí wọn. Àna dé! Ẹfọ̀n tí kì í dọ̀bálẹ̀ fún ẹnikẹ́ni nà gbalaja, ìwo rẹ̀ gún ilẹ̀. Ìyàwó rẹ̀ sáré wọ igbó lọ já olú, ó sì já lára Arẹwà láìmọ̀.

Àna jẹun tán, inú rú u. Ó bì. Ojú rẹ̀ yí. Ni olú bá tú u lẹ́nu, àna ní: "Ẹfọ̀n! Láti ọjọ́ ìgbéyàwó ni mo ti ń sọ pé orí rẹ tóbi ju ọgbọ́n inú rẹ̀ lọ!"

Gbogbo ìlú gbọ́. Àwọn tó ń kí àna pé pẹ̀lẹ́ ń fọwọ́ bo ẹ̀rín.

Nígbà tí ara ìyá náà yá, Ẹfọ̀n pe Ọ̀kẹ́rẹ́ tó ń tọ́jú ẹrù ọba. "Nínú àwọn ọmọ Òjò, rere wà, búburú wà. Gba ẹ̀gbà ọrùn funfun yìí àti igbá funfun yìí. Èyí tó bá jẹ́ rere ni kí o fi ẹ̀gbà sí lọ́rùn, kó sì máa kó ẹsẹ̀ sínú igbá, kí ẹrẹ̀ má kàn án. Kí a lè dá a mọ̀."

Arẹwà gbọ́. Kí Pẹ̀lẹ́ tó bọ́jú, ó ti wà lójú ọ̀nà. Bó ṣe rí Ọ̀kẹ́rẹ́, ó kúnlẹ̀ títí fìlà rẹ̀ fi kan ilẹ̀.

"Ẹ káàárọ̀ o, bàbá wa. Ẹ kú iṣẹ́ ọba. Ìrù yín yìí mà dára o!"

"Áà! Ọmọ tí a kọ́ tó gbẹ̀kọ́," ni Ọ̀kẹ́rẹ́ wí. "Ẹni tó mọ̀ ọ́n kúnlẹ̀ báyìí, ṣé irú rẹ̀ ló máa ṣe èèyàn ní ibi?"

Ó so ẹ̀gbà mọ́ ọn lọ́rùn, ó ki ẹsẹ̀ rẹ̀ bọ igbá, kò béèrè nǹkan kan. Ẹ má rẹ́rìn-ín: bẹ́ẹ̀ ni àwọn kan ṣe ń yan ìyàwó fún ọmọ wọn.

Ní ìrọ̀lẹ́, Ẹfọ̀n ní kí wọ́n se olú ẹlẹ́gbà. Àna ní òun ò jẹ.

"Ẹ wò mí, ìyá," ni Ẹfọ̀n wí, "èmi ni n ó kọ́kọ́ tọ́ ọ wò."

Ó tọ́ ọ wò, àwo mẹ́ta. Kí ilẹ̀ tó ṣú, ọba ti ń yí nínú ẹrẹ̀, ó ń pe ìyàwó rẹ̀ ní ìyá, ó ń pe àna rẹ̀ ní ìyàwó.

Bó ṣe dìde lọ́jọ́ kejì, ó figbe ta. "Gbogbo olú pátá! Ẹ tẹ̀ wọ́n pa! Ẹyọ kan ò gbọdọ̀ ṣẹ́kù!"

Pẹ̀lẹ́ wólẹ̀. "Kábíyèsí, èmi kọ́ o."

"Bẹ́ẹ̀ náà ni ẹlẹ́gbà máa wí. Ta ni onígbọ̀wọ́ rẹ?"

Pẹ̀lẹ́ wo ojú àwọn tó ń jẹ ẹ́ lọ́dọọdún. Ọ̀bọ bẹ̀rẹ̀ sí í wá ìràwọ̀ ní ọ̀sán gangan. Àgbọ̀nrín rántí pé òun fi iná sílẹ̀ nílé.

Ohùn kékeré kan bá dún nínú ilẹ̀: "Èmi ni." Ìyá Ikán ni, tó ń gbé inú ọ̀gán.

Ẹfọ̀n bú sẹ́rìn-ín. "Ìwọ tí o jẹ ilẹ̀kùn ààfin mi!"

"Kábíyèsí, ilẹ̀kùn ni mo jẹ, n kò jẹ irọ́. Bí ọmọ ṣe ń kúnlẹ̀ ni ẹ̀yin ń wò. Èmi mọ gbòǹgbò Pẹ̀lẹ́. Inú ilé mi ló ti ń hù, òun sì ni àwọn ọmọ mi ń jẹ. Ẹ wò wọ́n."

Àwọn ọmọ Ikán tú jáde, wọ́n bu ẹsẹ̀ Pẹ̀lẹ́ jẹ, wọ́n nu ẹnu, wọ́n padà sẹ́nu iṣẹ́. Kò sí ẹni tó bì.

Ni àna Ẹfọ̀n bá dìde. "Ẹ gbé ìkòkò wá. Láti ìgbà tí mo ti dé ilé yìí ni ebi ti ń pa mí."

Ó jẹ, ó lá àwo. Gbogbo ẹranko ń retí kó tún bú ọba. Wọn ò gbọ́ èébú kankan. Ìyá náà kàn ní kí wọ́n bu sí i.

Ẹfọ̀n mí kanlẹ̀. "Ó dára. Ṣùgbọ́n, Ikán, bí èyí bá ṣe ẹnikẹ́ni ní jàǹbá, ìwọ ni mo máa tẹ̀ pa."

Ẹ̀rù ba Ikán. Ó fi gbogbo ọwọ́ di ẹsẹ̀ Pẹ̀lẹ́ mú. "Ọmọ mi, ibi tí ojú mi ò bá tó, o ò ní dé ibẹ̀ mọ́."

Wọ́n wá ní kí wọ́n bọ́ ẹ̀gbà lọ́rùn Arẹwà. Wọ́n fà á títí, kò bọ́. "Ẹ fi sílẹ̀," ni Ẹfọ̀n wí. "Kó máa wọ̀ ọ́ kiri."

Láti ọjọ́ náà ni olú dídùn ò ti kúrò lórí ọ̀gán mọ́, tí ẹsẹ̀ rẹ̀ sì gùn wọ inú ilẹ̀ lọ. Bí o bá fà á tó ń takú, Ìyá Ikán ló ń fà á padà nísàlẹ̀. Láti ọjọ́ náà ni èkejì ti ń wọ ẹ̀gbà, tó ń tẹsẹ̀ bọ igbá, tó dúró lójú ọ̀nà bí ẹni tó ń retí àlejò. Ó sì ti bímọ o. Àwọn ọmọ rẹ̀ gbọ́n. Òmíràn nínú wọn kì í wọ ẹ̀gbà rárá.

Ìdí nìyẹn tí ọmọdé kì í fi dá já olú. Àwọn ìyá wa kì í sì í bi olú pé báwo lo ṣe lẹ́wà tó. Wọ́n á bẹ̀rẹ̀, wọ́n á wo ìdí rẹ̀ dáadáa: "Ta ni onígbọ̀wọ́ rẹ?" Bí kò bá rí ẹni dárúkọ, wọ́n á fi í sílẹ̀ níbẹ̀. Àna ń bọ̀ wá kí wọn lọ́la.