Olójúmímú àti Ẹyin Rẹ̀

“Ẹ̀yin ọmọ, ẹ gba àlọ́ o.”
“A gbà á, ìyá àgbà.”

Aláǹtakùn kan wà tí kì í dẹ òwú. Ojú ló fi ń ṣọdẹ. Ó rí tata lókèèrè, ó fò mọ́ ọn. Àwọn ẹranko sọ ọ́ ní Olójúmímú. Ó rí alángbá, ó sá. Wọ́n tún yìn ín.

Ó yé ẹyin sábẹ́ ewé. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ní, “Àbúrò, dẹ òwú yí wọn ká. Bí òwú bá mì, ẹsẹ̀ a máa gbọ́ ohun tí ojú kò rí.”

“Afọ́jú ló ń dẹ òwú.”

Ó jókòó sórí ewé, ó ń wo ọ̀nà jíjìn. Ìjàlọ gba abẹ́ ewé wọlé, wọ́n kó ẹyin lọ tán.

Ẹ bá mi gbè é:
Olójúmímú, kí lo rí?
Mo rí tata, mo rí alángbá,
Mi ò rí ọmọ mi.

Orúkọ náà ṣì ni wọ́n ń pè é, ẹ̀yin ọmọ. Kì í dáhùn mọ́.