Ohun tí Àgbébọ̀ Ń Wò Lókè

Ààlọ́ o!

Ààlọ̀!

Àlọ́ mi yí gbirigbiri, ó yà kúrò nílé Ìjàpá lónìí. Ìjàpá náà nílò ìsinmi. Ó dá lórí Ìyá Àgbébọ̀, adìyẹ tó dàgbà jù nílùú, àti Ewúrẹ́ ẹlẹ́nu ṣáṣá.

Láyé ọjọ́un, omi òjò ni gbogbo ẹranko ń mu. Bí wọ́n bá mu ún, wọn á gbójú sókè, wọn á ní, "Òjò, o ṣé o." Bí àwọn baba wọn ti ń ṣe é nìyẹn.

Ni ẹ̀rọ omi bá dé. Wọ́n fi Ewúrẹ́ ṣe ọ̀gá ẹ̀rọ. Kíá, gbogbo wọn gbàgbé Òjò. Ìyá Àgbébọ̀ nìkan ni kò gbàgbé. Ó bu omi sẹ́nu, ó gbójú sókè. Ó tún bù ú, ó tún gbójú sókè. Èrò tò lọ súà lẹ́yìn rẹ̀.

"Ìyá, ẹ yára o jàre!" ni Ewúrẹ́ wí.

"Mò ń dúpẹ́ ni, ọmọ mi."

Lọ́jọ́ kejì, Ewúrẹ́ fajú ro. "Ìyá, kí lẹ tún ń wò lókè? Ṣé ẹnu ẹ̀rọ kọ́ lomi ti ń jáde ni?"

Pẹ́pẹ́yẹ tó tò sẹ́yìn ìyá rẹ́rìn-ín títí ó fi ṣubú sínú ẹrẹ̀.

"Ẹni tó ń fún wa lómi kí ẹ̀rọ tó dé ni mò ń wò," ni ìyá dáhùn. Ó tún gbójú sókè.

Lọ́jọ́ kẹta, Ewúrẹ́ lé ìyá arúgbó àti àwọn ọmọ rẹ̀ dànù. Àwọn òròmọdìyẹ ń sunkún òùngbẹ. Ọ̀rọ̀ náà dùn mí. Ewúrẹ́ ò tiẹ̀ wò wọ́n. Ó na irùngbọ̀n sókè, ó kígbe: "Òjò! Má wulẹ̀ wá síbí mọ́! A ti ní ẹ̀rọ!"

Òjò gbọ́. Òjò ò wá mọ́. Odò gbẹ. Àṣé inú odò ni ẹ̀rọ ti ń fa omi! Ẹ̀rọ húkọ́, ó dákẹ́.

Ewúrẹ́ sáré dé ọ̀dọ̀ ìyá, ó kúnlẹ̀. "Ìyá, ẹ bá wa bẹ Òjò."

"Ẹ̀rọ ńkọ́?"

"Ìyá, ẹ ṣàánú mi, ọ̀fun mi ti gbẹ."

Ìyá wo àwọn ọmọ rẹ̀. "Àgbà kì í wà lọ́jà kórí ọmọ tuntun wọ́." Ó gbójú sókè. "Òjò, omi tí mo mu níjọ́sí, o ṣé o."

Ojú ọ̀run ṣú dẹ̀dẹ̀. Òjò dé, ó bú ramúramù: "Ta ló ní kí n má wá mọ́?"

Gbogbo ẹranko nawọ́ sí Ewúrẹ́. Pẹ́pẹ́yẹ na apá méjèèjì.

"Mẹ̀ẹ̀ẹ̀! Èmi kọ́!" Ewúrẹ́ fò fẹ̀rẹ̀, ó sá wọ ọ̀dẹ̀dẹ̀.

Ìdí nìyẹn tí adìyẹ fi ń gbójú sókè bó bá mumi dòní. Ewúrẹ́ ńkọ́? Bí òjò bá kán tó péré, yóò ti sá wọ ọ̀dẹ̀dẹ̀ onílé, á máa ké pé òun kọ́. Ẹni tó bá ní mo purọ́, kó dúró de òjò.