Kèké Mẹ́rin Lójú Òkun

Ẹ̀yin ènìyàn mi, ará etíkun Kurohama ní ilẹ̀ Jàpáànì, ẹ gbọ́ ti ẹnu èmi Yasoji ọdẹ: mo fi èrú ṣẹ́ kèké lójú òkun, ọkùnrin mẹ́ta sì kú nítorí rẹ̀.

Ọdẹ òkè ni ẹ mọ̀ mí sí, ṣùgbọ́n igbó tí mo wọ̀ lọ́dún kan kò ní igi. Mo ń kó awọ ẹran lọ tà nínú ọkọ̀ ìrẹsì ọ̀gá Matabe, òun àti atukọ̀ méjì, Tokuzo àti Genroku, nígbà tí ìjì dé, tí a gé òpó ọkọ̀ kí ó má bàa dojú dé, tí afẹ́fẹ́ sì ń gbá wa lọ sí ìlà-oòrùn bí ewé gbígbẹ.

Àṣà atukọ̀ ni pé bí ilẹ̀ bá pòórá, kèké ni wọn ó fi béèrè ọ̀nà lọ́wọ́ òrìṣà òkun, àlejò inú ọkọ̀ ni yóò sì kọ orúkọ ìhà mẹ́rin ayé sára bébà mẹ́rin, kí ọ̀gá mú ọ̀kan nínú wọn.

"Ọdẹ, ṣé ọwọ́ rẹ mọ́?" ni ọ̀gá bi mí.

"Ó mọ́, ọ̀gá."

Kò mọ́. Àárò ilé ń sọ mí, mo sì kọ "ìwọ̀-oòrùn", ìhà ilé wa, sára bébà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin. Nígbà tí ọ̀gá mú ọ̀kan, Tokuzo rẹ́rìn-ín: "Ẹjọ́ ìyàwó mi ti dé ọ̀dọ̀ òrìṣà. Ó ní kí n wá tún òrùlé ṣe."

Nítorí náà, wọn kò ta ẹní ṣe ìgbòkun kí a bá afẹ́fẹ́ lọ. Wọ́n ju ìdákọ̀ró sómi kí ó máa fa ọkọ̀ sẹ́yìn, títí afẹ́fẹ́ tó ń fẹ́ sí ìhà ilé yóò fi dé. Ogójì ọjọ́ kọjá. Ìrẹsì kún ọkọ̀, omi mímu tán.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, nínú kùrukùru, ẹ̀mí àwọn tó ti rì yọrí yí wa ká. Igbá ni wọ́n máa ń tọrọ, láti fi bu omi kún ọkọ̀ alààyè kí ó lè rì. Genroku bá lu ìdí igbá kan jáde, kí omi má bàa dúró nínú rẹ̀, ó nà án sí wọn. Àgbà inú wọn kò gbà á. Èmi ló ń wò, ó ní:

"Ẹ fi igbá yín pamọ́. Ọdẹ yìí ti bá wa ṣe iṣẹ́ náà."

"Kí ló ń wí, ọdẹ?" ni Genroku béèrè.

"Irọ́ ló ń pa," ni mo dáhùn.

Òùngbẹ pa Genroku, Tokuzo tẹ̀lé e. Ìrì tí ọ̀gá fún láti ara aṣọ rẹ̀, ẹnu mi ló fi sí: "Mu, àlejò wa ni ọ́." Òun náà kú láìmọ ohun tí mo ṣe. Nígbà náà ni mo gé okùn ìdákọ̀ró, afẹ́fẹ́ sì gbé mi lọ sí ìlà-oòrùn. Ní ọjọ́ kẹsàn-án péré, mo bá ọkọ̀ òyìnbó apẹja àbùùbùtán pàdé, àwọn ló gbà mí là tí mo fi padà dé ilé.

Bí irọ́ lọ lógún ọdún, ọjọ́ kan ni òtítọ́ yóò bá a. Ẹ má ṣe fi ìfẹ́ ọkàn yín sí ẹnu òrìṣà.

Ẹ̀yin opó mẹ́ta tí ẹ jókòó níwájú mi, mo dọ̀bálẹ̀. Ẹ má ṣe bú òkun mọ́. Èmi ni mo pa ọkọ yín. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ forí jì mí. Bí ẹ kò bá sì lè ṣe é, mo gbà pé ẹ̀tọ́ yín ni.