Ẹ̀pà Ilé Àyọ̀ká

Kòkòrò tó ń jẹ ẹ̀fọ́, ara ẹ̀fọ́ ló ń gbé. Nígbà tí jẹjẹrẹ ẹ̀dọ̀ pa ọkọ Àyọ̀ká, ayé ni obìnrin náà ń fura sí. Àfi bí àwọn olùwádìí tó ń tọpinpin ohun tó ń fa àìsàn náà ṣe dé láti yunifásítì, tí wọ́n ní kó gbé ẹ̀pà ilé rẹ̀ wá. Ọ̀rọ̀ náà rú u lójú. Ẹ̀pà tó dára ló máa ń tà. Èyí tó ti bu ni tọkọtìyàwó ń sè jẹ.

"Màmá, ẹ̀pà tó bá bu lè fa irú àìsàn yìí," ni ọ̀kan nínú wọn wí.

"Ṣé èmi ni mo pa á ni?"

"A ò lè sọ bẹ́ẹ̀, mà. Ẹ ṣáà má jẹ ẹ́ mọ́."

Àyọ̀ká gbẹ́ ihò sẹ́yìnkùlé, ó bo ẹ̀pà náà mọ́lẹ̀. Ó dúró síbẹ̀ títí, kò mọ ẹni tí òun ì bá bínú sí.