Omi Ẹnu Àbẹ̀kẹ́

Àlejò lójú, kò fi ríran. Kò sí ọmọ Yorùbá tí kò gbọ́ òwe yìí rí. A máa ń pa á nígbà tí àlejò bá fẹsẹ̀ kọ òkúta tó ti wà lẹ́nu ọ̀nà láti ayébáyé, a ó sì rẹ́rìn-ín, àlejò náà yóò bá wa rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n ta ni nínú wa ló mọ gbòǹgbò rẹ̀? Ẹni tó bá mọ ọ́n kì í fi rẹ́rìn-ín mọ́.

Ìlú àtijọ́ kan wà tó ń jẹ́ Ìjámọ̀. Odi rẹ̀ ga, yàrà rẹ̀ jìn, àwọn ọba tó kọ́kọ́ jẹ níbẹ̀ sì sùn sínú ọgbà kan lẹ́yìn ààfin, olúkúlùkù lábẹ́ igi akòko tirẹ̀. Ṣùgbọ́n orísun omi tó wà nínú igbó ìsàlẹ̀ ìlú ni wọ́n fi ń yangàn jù, nítorí wọ́n ní òun ni òrìṣà tó mú baba ńlá wọn tẹ̀ dó síbẹ̀. Ẹ̀ẹ̀kan lọ́dún, nígbà ọ̀gbẹlẹ̀, ni Ìjámọ̀ máa ń ṣílẹ̀kùn fún àlejò láti wá wo ohun àdáyébá wọ̀nyí. Wọn yóò wọlé láàárọ̀, amọ̀nà yóò mú wọn kiri, wọn yóò sì jáde kí oòrùn tó wọ̀. Ìjámọ̀ kì í gba àlejò sùn lọ́jọ́ náà, ìbáà jẹ́ àna ọba.

Obìnrin kan ló máa ń jókòó ti orísun. Ìyálómi ni wọ́n ń pè é. Láti ọjọ́ tó bá ti jókòó, kò sí ẹni tó tún gbọdọ̀ fi orúkọ tí ìyá rẹ̀ sọ ọ́ pè é. Ní ọjọ́ àlejò, kí ẹsẹ̀ àjèjì tó wọ igbó, Ìyálómi yóò fi ẹfun kun ojú, yóò bu omi orísun sẹ́nu, kò sì gbọdọ̀ gbé e mì, kò gbọdọ̀ tu ú, títí oòrùn yóò fi wọ̀. Wọ́n ní ẹ̀mí orísun ló wà nínú omi náà, pé ó ń fi ẹnu tọ́jú rẹ̀ kí ojú àjèjì má baà gbé e lọ. Wọ́n ní Ìyálómi kan wúkọ́ nígbà kan, omi náà dà sílẹ̀, orísun sì gbẹ, àwọn ọmọ ọwọ́ ló sì kọ́kọ́ kú. Bóyá bẹ́ẹ̀ ni, bóyá bẹ́ẹ̀ kọ́, gbogbo Ìjámọ̀ ló gbà á gbọ́, Ìyálómi sì gbà á gbọ́ jù wọ́n lọ.

Ìyálómi ìgbà tí à ń sọ yìí kì í ṣe ọmọ Ìjámọ̀. Àbẹ̀kẹ́ lorúkọ rẹ̀, Ìgèrè ni wọ́n sì bí i sí. Òun àti ẹ̀gbọ́n rẹ̀, Ìgè, ń ṣọ́ ọkà bàbà lọ́wọ́ ẹyẹ lọ́jọ́ tí ogun dé. Ẹ̀gbọ́n sá gba ọ̀tún, àbúrò sá gba òsì, àbúrò ló sì bọ́ sọ́wọ́ ogun. Wọ́n tà á láti ọwọ́ dé ọwọ́ títí ó fi dé Ìjámọ̀, ibẹ̀ ni wọ́n sì ti fi í ta orísun lọ́rẹ. Èéfín Ìgèrè ló rí kẹ́yìn nígbà tó bojú wẹ̀yìn, nítorí náà ó ti gbà pé ìyá òun kú, ẹ̀gbọ́n òun kú, kò sí ilé mọ́. Ó sunkún wọn títí ẹkún fi tán lójú rẹ̀. Àwọn àgbà Ìjámọ̀ tó mọ ibi tó ti wá ti kú tán, òun náà sì ti ń hewú.

Lọ́dún tí ọ̀rọ̀ yìí ṣẹlẹ̀, Ọ̀jẹ́dìran ni amọ̀nà àwọn àlejò. Ẹnu Ọ̀jẹ́dìran dùn púpọ̀. Ohun tó bá mọ̀, yóò sọ ọ́ dáadáa. Èyí tí kò bá mọ̀, yóò sọ ọ́ dáadáa jù bẹ́ẹ̀ lọ, nítorí amọ̀nà tó bá ní òun kò mọ̀, ta ni yóò tún tẹ̀ lé e? Ó mú wọn gun orí odi, ó fi yàrà hàn wọ́n, ó mú wọn dé ibojì àwọn ọba, wọ́n sì ṣí fìlà. Nígbà tí oòrùn yẹ àtàrí, ó kó wọn wọnú igbó orísun.

Àbẹ̀kẹ́ ti jókòó sórí àpótí rẹ̀ láti òwúrọ̀, ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀ wú, omi ti gbóná sí i lẹ́nu. Kì í wo ojú àlejò. Ẹsẹ̀ wọn ló máa ń wò títí wọn yóò fi kọjá. Ohùn ló kọ́kọ́ gbọ́ lọ́jọ́ náà. Ọkùnrin kan ń sọ̀rọ̀ lẹ́yìn, ó ń fa ọ̀rọ̀ bí ará Ìgèrè ṣe ń fà á, èdè tí etí rẹ̀ kò gbọ́ mọ́ láti ìgbà èwe. Ó gbójú sókè. Ọkùnrin náà ti ń darúgbó, ikùn rẹ̀ ti yọ, ṣùgbọ́n ilà Ìgèrè wà lẹ́rẹ̀kẹ́ rẹ̀, ó sì jọ baba wọn bí ẹni pé baba náà ló jí dìde. Ìgè ni. Omi fẹ́rẹ̀ẹ́ sá gba ọ̀nà ọ̀fun Àbẹ̀kẹ́ lọ. Òun náà ní ilà Ìgèrè lẹ́rẹ̀kẹ́, ṣùgbọ́n ẹfun ti bò ó, kò sì gbọdọ̀ nù ún kí oòrùn tó wọ̀.

Ìgè sún mọ́ amọ̀nà. "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú sí mi. Ṣé ẹ mọ obìnrin kan nílùú yín níbí tó ń jẹ́ Àbẹ̀kẹ́? Àbúrò mi ni. Ogun ló kó o ní Ìgèrè."

"Àbẹ̀kẹ́ pọ̀ nílùú, bàbá," ni Ọ̀jẹ́dìran dá a lóhùn, "ṣùgbọ́n kò sí ọmọ Ìgèrè kankan nínú wọn." Ohun tó mọ̀ ló sọ, kò parọ́ nínú èyí.

Ìgè ní, "Gbogbo ìlú tó bá ṣáà ti ń ṣílẹ̀kùn fún àlejò ni mo ti dé. Ibí nìkan ló kù. Ìyá wa ti darúgbó, wọ́n ní àwọn ò fẹ́ kú kí àwọn fi òkú ọmọ sílẹ̀ láìsin. Bí mo bá padà délé lọ́wọ́ òfo, a ó ṣe òkú rẹ̀. Aṣọ ìgbà èwe rẹ̀ ṣì wà ńlẹ̀, òun la ó sin."

Gbogbo rẹ̀ ni Àbẹ̀kẹ́ gbọ́. Ìyá òun wà láyé. Ilé wà. Ṣùgbọ́n ó mọ àṣà Ìgèrè pẹ̀lú: ẹni tí a bá ti ṣe òkú rẹ̀, ó kú nìyẹn. Bí ó bá fẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn wọlé lọ́la, àkúdàáyà ni wọn yóò pè é, eérú ni wọn yóò sì fi lé e. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ló nílò láti fi gba ara rẹ̀ là, omi sì wà lẹ́nu rẹ̀. Ó fẹ́ tu ú. Ó ti la ètè díẹ̀ kí ó tó rántí àwọn abiyamọ tó wá pọnmi láàárọ̀, tí àwọn ọmọ wọn ń sùn lẹ́yìn wọn. Ó pa ẹnu dé.

Ibẹ̀ ló ti rántí oko. Nígbà tí wọ́n ń lé ẹyẹ, òun a wà ní ìpẹ̀kun kan, Ìgè a wà ní èkejì, ohùn kì í sì í dé. Ìyá wọn ló kọ́ wọn ní àmì kan: ọwọ́ òsì yóò bo etí, ọwọ́ ọ̀tún yóò lọ sókè, ìka yóò máa jù fìrìfìrì. Ìtúmọ̀ rẹ̀ ni pé, n kò gbọ́ ọ, máa bọ̀ lọ́dọ̀ mi. Kò sí ìgbà tí Àbẹ̀kẹ́ ṣe é tí Ìgè kò sáré wá.

Ó dìde lórí àpótí. Ẹ̀rù ba àwọn àlejò, wọ́n fà sẹ́yìn. Ó bo etí, ó nawọ́ sókè, ó ń ju ìka sí ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Ìgè wò ó. Ó wò ó láti orí dé ẹsẹ̀, ó wo ẹfun, ó wo ẹ̀rẹ̀kẹ́ tó wú, ó wo ọwọ́ náà títí. Inú Àbẹ̀kẹ́ ti ń dùn. Lẹ́yìn náà ni Ìgè yíjú sí amọ̀nà, ó ní, "Kí ni ìtúmọ̀ èyí?"

Ọ̀jẹ́dìran kò rí irú rẹ̀ rí láti ọjọ́ tó ti ń mú àlejò kiri. Ṣùgbọ́n gbogbo ojú wà lára rẹ̀. "Orí yín ló bá yín ṣe é lónìí," ó ní. "Etí tí wọ́n bò yẹn, ariwo ayé ni wọ́n ń sé mọ́ta. Ọwọ́ tó lọ sókè ni wọ́n fi ń gba ire wá fún yín. Kì í ṣe gbogbo àlejò ló ń rí i o. Ẹ ṣe bí wọ́n ti ń ṣe, kí ire náà lè kàn yín."

Ni gbogbo wọn bá bo etí, wọ́n nawọ́ sókè, wọ́n ń ju ìka. Ìgè náà ṣe é. Ó dúró síwájú àbúrò rẹ̀, ó bo etí, ó ń ju ìka sí i, ó sì ń rẹ́rìn-ín músẹ́ bí ẹni tí a ń súre fún. Àbẹ̀kẹ́ tún un ṣe, Ìgè tún un ṣe. Ó lè jẹ́ pé ọwọ́ rẹ̀ rántí ohun tí ọkàn rẹ̀ ti gbàgbé, àwa kò mọ̀. Nǹkan òrìṣà ló wá wò, nǹkan òrìṣà náà ló sì rí. Omijé ń fa ìlà sínú ẹfun ojú Àbẹ̀kẹ́, obìnrin kan láàrin àwọn àlejò sì sọ fún ẹnìkejì rẹ̀ pé, "Ẹ wo bí òrìṣà ṣe gùn wọ́n." Lẹ́yìn náà ni Ọ̀jẹ́dìran kó wọn jáde.

Nígbà tí oòrùn wọ̀, Àbẹ̀kẹ́ tu omi náà padà sínú orísun gẹ́gẹ́ bí ìṣe, ó sì sáré. Ó ń pe Ìgè láti inú igbó títí dé ẹnubodè. Wọ́n ti ti ìlẹ̀kùn odi, Ìyálómi kò sì gbọdọ̀ kọjá odi láéláé. Ibẹ̀ ni Ọ̀jẹ́dìran bá a lórí ìdùbúlẹ̀, tó sì gbọ́ ẹni tí ọkùnrin ará Ìgèrè náà jẹ́ sí i.

"Ẹ foríjì mí, Ìyálómi," ó ní. "N ó lọ pè wọ́n padà."

"Tètè lọ," ni Àbẹ̀kẹ́ wí. "Lọ kí wọ́n tó ṣe òkú mi."

Ṣùgbọ́n ìtìjú kì í jẹ́ kí ẹsẹ̀ yá. Ẹni tó bá lọ, yóò ní láti jẹ́wọ́ irọ́ tó pa níwájú gbogbo wọn. Ọ̀jẹ́dìran ní ó di ọ̀la, ọ̀la dé, ó ní ẹsẹ̀ ń ro òun. Ìgbà tó fi máa dé Ìgèrè, wọ́n ti sin aṣọ náà, wọ́n ti jẹ, wọ́n ti mu, ìyá wọn sì ti wà lórí ẹní ọ̀fọ̀. Ó sọ gbogbo ohun tó ṣẹlẹ̀. Ìgè ní kí ó má fi òkú àbúrò òun ṣe yẹ̀yẹ́, pé òun wo obìnrin náà dáadáa, ojú òun méjèèjì lòun fi wò ó, kì í ṣe àbúrò òun. Àwọn àgbà ní kódà bó bá jẹ́ òun, a ti ṣe òkú rẹ̀ tán.

Ìyá náà nìkan ló dìde, tó tẹ ọ̀pá tẹ̀ lé Ọ̀jẹ́dìran dé ẹ̀yìn ilé. Kò bá a jiyàn. Ó ní kí ó ṣe bí Àbẹ̀kẹ́ ti fi ọwọ́ ṣe kí òun wò ó. Nígbà tó ṣe é, ìyá náà mọ àmì tí òun fúnra rẹ̀ fi kọ́ àwọn ọmọ rẹ̀ lóko.

"Ṣé ó ń jẹun?" ó béèrè.

"Wọ́n ń jẹun, ìyá."

"Ṣé ẹ kì í nà án?"

"A kì í nà wọ́n, ìyá."

Ó mi orí, ó sì padà sórí ẹní ọ̀fọ̀ rẹ̀.

Gbogbo èyí ni Ọ̀jẹ́dìran padà wá rò fún Àbẹ̀kẹ́ létí orísun, kò fi ọ̀kan pa mọ́. Nígbà tó dé ibi tí Ìgè ti ní òun wò ó dáadáa, ara rẹ̀ gbóná, ó bẹ̀rẹ̀ sí í bú Ìgè. Àbẹ̀kẹ́ dá a dúró. "Má bú u," ó ní. "Ká ní ẹ̀gbọ́n mi ló wá lọ́jọ́ yẹn, ì bá mọ̀ mí. Àlejò ló wá. Àlejò lójú, kò fi ríran."

Títí Àbẹ̀kẹ́ fi kú, kò sí ọdún tí àwọn àlejò kì í dúró síwájú rẹ̀, kí wọ́n bo etí, kí wọ́n sì máa ju ìka sí i, nítorí wọ́n ti gbọ́ pé bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń ṣe é ní Ìjámọ̀.

Ìdí nìyí tí àwọn àgbà fi ń pa òwe náà fún ẹni tó bá dé ibi tí kò mọ̀, tó wo ohun gbogbo, tó sì fojú fo èyí tó ṣe pàtàkì jù lọ níwájú rẹ̀. Wọ́n ń pa á fún onílé pẹ̀lú, pé bí àlejò bá béèrè ohun tí ó rí, kí a sọ òótọ́ rẹ̀ fún un, bí a kò bá sì mọ̀ ọ́n, kí a ní a kò mọ̀. Ojú wà lórí àlejò lóòótọ́, ṣùgbọ́n ẹni tó wà nílé ni yóò ràn án lọ́wọ́ láti ríran.