Irun Inú Igbá Láṣebìkan

Wọ́n ní a kì í fárí lẹ́yìn olórí. Ta ló tiẹ̀ lè fá orí tí kò sí níwájú rẹ̀? Orí kì í ṣe fìlà tí èèyàn ń fi sílẹ̀ nílé. Àmọ́ ẹnìkan dán an wò ní ìlú Ìdígbá.

Opó ni Ẹ̀fúnyẹmí, ọkọ rẹ̀ ti kú láti ọdún mẹ́ta. Òun àti ọkùnrin kan tí oko wọn pààlà jà sí ilẹ̀. Baálẹ̀ pín in fún wọn, apá ibi tí igi obì wà bọ́ sí i lọ́wọ́. Ó gbà, ó dúpẹ́. Láṣebìkan, àbúrò ọkọ rẹ̀, ni kò gbà. Gbogbo ilẹ̀ náà ló wọ̀ ọ́ lójú, ẹnu rẹ̀ sì dùn.

Láyé ọjọ́un, ẹni tí ìdájọ́ baálẹ̀ kò bá tẹ́ lọ́rùn yóò fá orí rẹ̀, yóò gbé irun náà sínú igbá lọ sáàfin. Irun yẹn ni ẹ̀rí pé òun fúnra rẹ̀ ló pẹjọ́. Bí ọba bá dá a lẹ́bi, ohun tí baálẹ̀ fún un tẹ́lẹ̀ pàápàá ti lọ nìyẹn.

Ẹ̀fúnyẹmí ń ṣa obì lóko nígbà tí ìyàwó ọkùnrin tí wọ́n jọ jà sí ilẹ̀ kọjá.

“Ìyá Àtàndá, o ṣeun o! A ti parí ìjà, o tún gbé wa lọ sáàfin.”

“Èmi? Ààfin wo?”

“Wọ́n ń gbọ́ ẹjọ́ yín lọ́wọ́ báyìí. Irun rẹ ló wà nínú igbá.”

Ó fọwọ́ kan orí rẹ̀. Irun wà níbẹ̀. Ó fi agbọ̀n sílẹ̀, ó sáré. Bí ilẹ̀ yẹn bá lọ, kí ni àwọn ọmọ òun máa jẹ?

Láàfin, Láṣebìkan ń da ọ̀rọ̀ bí oyin. “Kábíyèsí, ara ìyàwó wa ni kò yá. Ó ní kí n bá òun sọ ọ́.”

“Irọ́ ni!” Ẹ̀fúnyẹmí ti wọlé, ó ń mí gúlegúle. “Kábíyèsí, n kò rán ẹnikẹ́ni.”

Láṣebìkan sún mọ́ ọn. “Ìyàwó wa, dákẹ́. Ẹjọ́ ti fẹ́ẹ̀ di tiwa. Ṣáà sọ pé o rán mi.”

“Ọkọ mi, n kò rán yín.”

Ó tú gèlè rẹ̀. Irun rẹ̀ pé, ṣùkú rẹ̀ dúró gangan.

Ọba wo inú igbá, ó wo Láṣebìkan. “Ṣí fìlà rẹ.”

Orí rẹ̀ ń dán bí ìdí ìkòkò tuntun.

Gbogbo ààfin bú sẹ́rìn-ín. Ẹ̀fúnyẹmí kò rẹ́rìn-ín. “Kábíyèsí, ilẹ̀ mi ńkọ́?”

“Ẹjọ́ tí olórí kò pè kì í ṣe ẹjọ́,” ni ọba wí. “Bí baálẹ̀ ṣe pín in ló wà. Ẹ da irun yẹn nù.”

Ìgbà yẹn ló tó tún gèlè rẹ̀ wé, ó sì padà sóko lọ ṣa obì rẹ̀.

Láti ọjọ́ náà, ẹni tó bá dìde ní Ìdígbá tó ní ẹnìkan ló rán òun wá rojọ́, bó ti wù kí ọ̀rọ̀ rẹ̀ dùn tó, wọn a kọ́kọ́ bi í pé: olórí dà? A kì í fárí lẹ́yìn olórí.