Oníwèé Ìròyìn Tí Kò Ráyè Relé

Láyé ìjọba ológun, ọkùnrin kan wà ní Ìbàdàn tí ń jẹ́ Láoyè. Ó ní ìwé ìròyìn tirẹ̀ tó ń jẹ́ Ẹlẹ́rìí. Orúkọ Yorùbá ló fún un, ṣùgbọ́n èdè Gẹ̀ẹ́sì ló fi ń kọ inú rẹ̀, kí ará Òkè Ọya àti ará ìsàlẹ̀ lè jọ máa kà á, kí àwọn ológun náà má sì rí i wí pé àwọn ò gbọ́. Ẹlẹ́rìí kò sí lábẹ́ ìjọba, kò sì sí lábẹ́ olówó kankan. Ohun tójú ń rí nídìí irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀, ẹnu kò lè ròyìn rẹ̀ tán. Òní ni bébà wọ́n, ọ̀la ni ẹ̀rọ ìtẹ̀wé dákú, ọ̀tunla ni àwọn onípolówó ọjà sá. Bí Láoyè bá gbójú kúrò lọ́sẹ̀ kan, ìwé kò ní jáde, àwọn tó ń retí ikú ìwé náà ò sì kéré.

Ọkàn rẹ̀ ń fà sí ìyá rẹ̀ tó wà ní Ọ̀tan, ìlú wọn. Òun nìkan ni obìnrin náà bí. Bí iná bá lọ tí ẹ̀rọ dákẹ́, àárò ìyá á sọ ọ́ títí omi á fi lé ròrò sójú rẹ̀. Yóò ní, "Bí a bá ti tẹ tọ̀sẹ̀ yìí tán, mo ń lọ sílé." Ṣùgbọ́n ọ̀sẹ̀ kì í tán fún oníwèé ìròyìn, ọdún sì ń gorí ọdún. Ìwé ló ń rán lọ dípò ara rẹ̀. Ní ọjọọjọ́ Ẹtì, yóò fi ẹyọ kan rán Mùfútáù, awakọ̀ tó ń ná ọ̀nà Ọ̀tan, sí ìyá tí kò mọ Á yàtọ̀ sí Bí.

Bí Mùfútáù bá padà dé, Láoyè á bi í pé, "Màmá ńkọ́?"

"Wọ́n wà dáadáa, ẹ̀gbọ́n. Wọ́n ní kẹ́ ẹ fọkàn balẹ̀, kẹ́ ẹ máa báṣẹ́ yín lọ."

Láoyè á gbà bẹ́ẹ̀. Ọkùnrin tó ti dá akọ̀ròyìn kan padà sí Ṣakí rí pé kó lọ fojú ara rẹ̀ rí i, nítorí pé ẹnu onímọ́tò ló ti gbọ́ pé afárá wó! Ní ti ìyá tó bí i lọ́mọ, ẹnu onímọ́tò tó.

Nígbà tó yá, Ẹlẹ́rìí kọ ọ̀rọ̀ kan tó ká ìjọba lára. Àwọn sójà dé, wọ́n lé gbogbo òṣìṣẹ́ síta, wọ́n sì fi àgádágodo ti ilẹ̀kùn. Nígbà tí Ẹtì dé, Láoyè kò ní ìwé tí yóò rán. Ó lọ bá Mùfútáù ní gáréèjì.

"Èmi fúnra mi ni wàá gbé lónìí," ni ó wí.

Mùfútáù ṣílẹ̀kùn ọkọ̀ fún un. Ó kàn ń wolẹ̀.

Ìrọ̀lẹ́ ni wọ́n dé Ọ̀tan. Mùfútáù dúró síta, Láoyè sì wọlé. Ìyá rẹ̀ wà lórí ẹní, apá àti ẹsẹ̀ rẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ kan ti rọ. Ó ti pẹ́ tí àrùn rọpárọsẹ̀ ti kọlù ú, òun ló sì bẹ awakọ̀ pé kó má sọ, kí ọmọ òun má baà pa iṣẹ́ tì. Láoyè dọ̀bálẹ̀ gbalaja.

"Ẹ dìde, àlejò mi," ni ìyá wí. "Ṣé iléeṣẹ́ ọmọ mi lẹ ti wá?"

Ó fi ọwọ́ rẹ̀ tó dá tọ́ka sí ògiri. Ẹlẹ́rìí ni wọ́n lẹ̀ mọ́ ọn látòkè délẹ̀, àwòrán Láoyè sì wà lórí ìkọ̀ọ̀kan, irun rẹ̀ dúdú, ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀ kún. Ọdún tí ìwé náà bẹ̀rẹ̀ ni wọ́n ya àwòrán yẹn, kò sì ráyè ya òmíràn. Láoyè tó wà nílẹ̀ yìí ti hewú, ó ti gbẹ.

"Ọmọ mi nìyẹn. Ẹ ò rí i bó ṣe ń dán? Àárò rẹ̀ ń sọ mí o, ṣùgbọ́n bí mo bá ti rí i báyìí lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀, mo mọ̀ pé ara rẹ̀ le. Tẹ́ ẹ bá padà, ẹ bá mi sọ fún un pé ara tèmi náà le."

"Màámi," ni Láoyè wí, "èmi ni. Èmi Àkàní."

Ìyá fà á mọ́ra, ó fọwọ́ kan eegun ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀, ó wò ó títí. Ọmọ náà gbé ẹsẹ̀ ìyá rẹ̀ tó ti rọ lé itan. Àwọn méjèèjì bú sẹ́kún.

Láti ọjọ́ náà ni ọ̀rọ̀ yìí ti di òwe lẹ́nu àwọn àgbà pé: ìròyìn kò tó àfojúbà.